Lẹ́tà Ṣíṣí sí Ilé Aṣòfin Ṣílè: Kí Lẹ Wá Wọ̀n?

Sí ẹ̀yin ọmọ Ilé Aṣòfin orílẹ̀-èdè Ṣílè, ní Valparaíso.

Ẹ kú iṣẹ́ ìlú.

Ẹ ò mọ̀ mí, mi ò sì rò pé ẹ̀ ń retí lẹ́tà láti Ìbàdàn. Awọnlẹ̀ ni mí. Ọdún 31 ni mo fi gbé ẹ̀rọ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta kiri inú oko kòkó àti inú ìgbẹ́, tí mò ń ri òpó sìmẹ́ńtì mọ́ igun ilẹ̀ olówó àti ti tálákà, kí n tó fẹ̀yìn tì. Nísinsìnyí tí orúnkún kò jẹ́ kí n rìn jìnnà mọ́, ìwé ni mo fi ń rìn. Ibi tí mo ti ń kàwé kiri ni mo ti bá ọ̀rọ̀ ilẹ̀ àwọn Mapuche, ọmọ ìbílẹ̀ gúúsù Ṣílè, pàdé, mo sì rí i pé ọwọ́ àwọn ẹlẹgbẹ́ mi, àwọn awọnlẹ̀, wà nínú ọ̀ràn náà tipẹ́tipẹ́. Ohun tó jẹ́ kí n kọ̀wé sí yín nìyẹn. Ká ní ọ̀rọ̀ òṣèlú lásán ni, ti ìlú mi tó mi í gbọ́.

Ìgbìmọ̀ tí Gabriel Boric, Ààrẹ ìgbà náà, gbé kalẹ̀ ní 2023 lórí àlàáfíà àti ìgbọ́ra-ẹni-yé, nípa ọ̀rọ̀ ilẹ̀ Mapuche, ti jábọ̀ ní May 2025. Òfin tó bá máa tẹ̀yìn rẹ̀ jáde, ọ̀dọ̀ yín ló máa gbà. Ohun tí mo ń gbọ́ lẹ́nu gbogbo ènìyàn ni: ilẹ̀ mélòó ni kí wọ́n dá padà, ta ni yóò sanwó rẹ̀, ṣé kò ní ṣeé ṣe kí wọ́n fi nǹkan mìíràn dípò? "Mélòó" yẹn ló ń kọ mí lóminú. Ọ̀rọ̀ àwa awọnlẹ̀ ni.

Ẹ jẹ́ n ti ibi orúkọ wọn bẹ̀rẹ̀. Mapu ni ilẹ̀, che ni ènìyàn. Ọmọ onílẹ̀ ni à bá máa pè wọ́n ní èdè wa, àmọ́ àwọn jàgídíjàgan tó ń gbowó ìpìlẹ̀ lọ́wọ́ ẹni tó ń kọ́lé l'Ékòó ti ba orúkọ yẹn jẹ́ mọ́ wa lọ́wọ́, ẹ jẹ́ ká yáa ní ará ilẹ̀. Mapudungun tí wọ́n ń sọ, ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ni. Wallmapu ni orílẹ̀ wọn: Gulumapu lọ́dọ̀ yín, ní ìwọ̀-oòrùn òkè Andes, àti Puelmapu lódì kejì, lọ́dọ̀ àwọn ará Argentina.

Bí Mapuche méjì tí kò mọra bá pàdé níbi ọ̀rọ̀ pàtàkì, ìkíni wọn kì í yá. Pentukun ni wọ́n ń pè é. Chew tuwimi? Níbo lo ti wá? Onítọ̀hún yóò sọ tuwün rẹ̀, ìyẹn ibi tí orísun rẹ̀ wà, odò tó wà níbẹ̀, òkè tó kọjú sí i. Yóò sì sọ küpalme rẹ̀, ìran tó bí i ní ìhà bàbá àti ní ìhà ìyá. Nígbà tí mo kà á, ohùn ìyá mi àgbà ni mo gbọ́. Bí mo bá mú ọ̀rẹ́ wálé láti iléèwé, kò ní bi í ní ohun tó ń kọ́. "Ọmọ ibo ni ẹ́? Agboolé wo?" Bí ó bá gbọ́, oríkì ló kàn. Bí ọmọ náà bá ní òun kò mọ̀, á wò ó bí ẹni pé kò wọ ẹ̀wù.

Ẹ na máàpù gúúsù ilẹ̀ yín sílẹ̀, kí ẹ ka orúkọ ibẹ̀. Temuco, omi igi temu. Collipulli, ilẹ̀ pupa. Carahue, ibi tí ìlú wà rí. Awọnlẹ̀ tó mọṣẹ́ mọ̀ pé orúkọ ibi ni ẹlẹ́rìí àkọ́kọ́, ó ti wà kí ìwé tó dé. Ẹni tó sọ Collipulli lórúkọ ti fi ẹsẹ̀ òfìfo tẹ ibi tí ilẹ̀ náà ti pupa. Ẹni tó wá lẹ́yìn kàn fi lẹ́tà Spéìn kọ ohun tó bá lẹ́nu onílé ni.

Àwọn ará Spéìn pàápàá kò pẹ́ mọ̀ pé ilẹ̀ náà ní olúwa. Ní December 1553, Mapuche pa Pedro de Valdivia tó dá Santiago sílẹ̀, ní Tucapel. Lautaro tó darí ogun náà ti ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ rẹ̀ rí. Ní 1598 wọ́n tún pa gómìnà mìíràn ní Curalaba, kò sì ju ọdún mélòó kan lẹ́yìn rẹ̀ tí ìlú méje tí òyìnbó tẹ̀ dó sí gúúsù odò Biobío fi di ahoro. Ní January 1641 ni wọ́n jókòó ní Quilín, wọ́n fi Biobío ṣe ààlà. Ìjọba tó gba ilẹ̀ Aztec, tó gba ti Inca, ló dúró létí odò kan tó ní ibí yìí ni tiwa mọ! Nígbà tí Ṣílè gba òmìnira, àwọn bàbá yín náà lọ bá Mapuche ní Tapihue ní 1825, wọ́n sì gba ààlà náà bẹ́ẹ̀.

Ní èdè wa, àwọn tó bá jọ dá májẹ̀mú, wọ́n mulẹ̀ ni. Ẹni tó bá yẹ májẹ̀mú náà, ó dalẹ̀ ni, ọ̀dàlẹ̀ lorúkọ rẹ̀. A sì máa ń sọ ibi tí ilẹ̀ ń bá irú ẹni bẹ́ẹ̀ lọ, àmọ́ mi ò fi ṣépè fún yín o, èdè ni mò ń kọ́ yín. Mo fẹ́ kí ẹ mọ ohun tí ọmọ Yorùbá yóò pe nǹkan tó ṣẹlẹ̀ láàárín 1861 sí 1883, nígbà tí ọ̀gágun Cornelio Saavedra kó àwọn ọmọ ogun Ṣílè ré odò náà kọjá, tí ibùdó ogun ń tẹ̀lé ibùdó ogun (ibùdó ogun ni Temuco fúnra rẹ̀ nígbà tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ dó ní 1881), títí wọ́n fi dé Villarrica. Ìwé ìtàn yín pè é ní mímú àlàáfíà wá sí Araucanía, orúkọ tí òyìnbó fún ilẹ̀ Mapuche. Lódì kejì òkè, ọ̀gágun Julio Roca ti Argentina ń ṣe irú rẹ̀ fún Puelmapu, wọ́n pe tiwọn ní ìṣẹ́gun aṣálẹ̀, bí ẹni pé yanrìn nìkan ni wọ́n bá jà.

Lẹ́yìn ológun ni awọnlẹ̀ wọlé.

Láti 1884 títí di 1929, ìgbìmọ̀ ìjọba ń lọ káàkiri, ó ń fún àwọn ìdílé ní ìwé tí wọ́n ń pè ní título de merced. Fún àwọn tó ń ka lẹ́tà yìí nílé, ìwé oore nìyẹn. Ẹni tó gba ilẹ̀ lọ́wọ́ rẹ ló ń ṣe ọ́ lóore pẹ̀lú ìwọ̀nba tó ṣẹ́ kù. Irú ìwé bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fún wọn tó nǹkan bí 3,000, ilẹ̀ inú gbogbo rẹ̀ jẹ́ nǹkan bí 500,000 hẹ́kítà, ìyẹn nǹkan bí ìdá 5 nínú ìdá 100 ilẹ̀ tó wà lọ́wọ́ wọn tẹ́lẹ̀. Ẹ pín in, kò ju nǹkan bí hẹ́kítà 6 lọ fún ẹnìkọ̀ọ̀kan. Ìyókù bọ́ sí gbàǹjo, ó sì bọ́ sọ́wọ́ àwọn ará Ṣílè mìíràn àti àwọn àtọ̀húnrìnwá láti Yúróòpù.

Mo ti ṣe iṣẹ́ yẹn, mo lè sọ bí wọ́n ṣe wọ̀n ọ́n láìjẹ́ pé mo wà níbẹ̀. Awọnlẹ̀ a rí ilé, a rí oko tí wọ́n ti ro, a rí ọgbà. Yóò fa ìlà yí wọn ká. Ibi tí kò bá sí ọgbà, tí kò sí ẹni tó dúró síbẹ̀ lọ́jọ́ tó débẹ̀, ilẹ̀ òfìfo ni yóò kọ. Bẹ́ẹ̀ àwọn Pewenche, àwọn ará òkè nínú Mapuche, kì í gbé ojú kan. Nígbà òtútù, ìsàlẹ̀ àfonífojì ni wọ́n wà. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, wọ́n á kó ẹran gòkè. Tó bá di March sí April, abẹ́ igi pewen ni ẹ ti máa bá wọn, tọmọdé tàgbà, wọ́n ń ṣa èso. Pewen kan lè lò ju 1,000 ọdún lọ lórí ìdúró. Wọ́n ń se èso rẹ̀, wọ́n ń sun ún, wọ́n ń lọ̀ ọ́ ní ìyẹ̀fun, wọ́n ń rì í sínú ilẹ̀ tàbí sínú omi kí ó lè pẹ́ láìbàjẹ́. Orúkọ wọn gan-an, ènìyàn pewen ni. Nínú oṣù wo ni kí awọnlẹ̀ wá, kó tó lè rí gbogbo ilẹ̀ wọn lójú kan?

Irú rẹ̀ ṣẹlẹ̀ sí mi rí. Ilé-iṣẹ́ kan tí mi ò ní dárúkọ ra ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹbí kan lápá Ìjẹ̀bú, wọ́n ní kí n lọ wọ̀n ọ́n. Ìyá arúgbó kan tẹ̀lé wa látàárọ̀. Kò bá wa jà, kò bá wa sọ̀rọ̀, ó kàn mú àdá dání, ó ń já ẹ̀fọ́ tó bá rí lójú ọ̀nà sínú ìṣẹ́tí aṣọ rẹ̀. Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́ tí mo tẹ́ pépà sórí bọ́nẹ́ẹ̀tì ọkọ̀, ó sún mọ́ mi. Ó ní, "Ọmọ mi, èyí tí o kọ yìí, ṣé ìsun omi yẹn wà níbẹ̀?" Mo ní rárá, ó kéré jù. Ó ní, "Ibi tí mo bo olóbì àwọn ọmọ mi mọ́lẹ̀ sí ńkọ́?" Ẹ̀rín pa mí. Mo ní ìyá, ìwé yìí kò gba irú ìyẹn. Ó wò mí títí.

"Kí lẹ wá wọ̀n?"

Mo gbowó mi, mo bá tèmi lọ. Ó ti lé ní ogún ọdún.

Ká tún padà sọ́dọ̀ yín. Nígbà ìjọba Ààrẹ Salvador Allende, ilẹ̀ díẹ̀ padà sọ́wọ́ Mapuche. Ní September 1973, ológun gbàjọba, wọ́n gba èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ padà. Ọdún kejì rẹ̀, Pinochet, olórí àwọn ológun náà, gbé òfin 701 jáde: ẹni tó bá gbin igi gẹdú, ìjọba yóò san ìdá 75 nínú ìdá 100 owó tó fi gbìn ín. Bí paini àti yukalíptọ́ọ̀sì ṣe bo gúúsù nìyẹn, tó fi jẹ́ pé oko igi gbíngbìn ní Ṣílè lé ní mílíọ̀nù 2 hẹ́kítà báyìí. Ní 1979 ni wọ́n wá ṣe èyí tí mo kà tí mo bọ́ awò ojú mi sílẹ̀, òfin 2568. Ẹnìkan péré láàárín àwọn tó ń gbé orí ilẹ̀ ìdílé lè ní kí wọ́n pín in, wọ́n á sì pín in. Nígbà tí òfin náà kọ́kọ́ jáde, wọ́n kọ ọ́ sínú rẹ̀ pé bí wọ́n bá ti pín ilẹ̀ náà tán, kì í ṣe ilẹ̀ ọmọ ìbílẹ̀ mọ́, àwọn tó ni ín náà kì í sì í ṣe ọmọ ìbílẹ̀ mọ́.

Ẹ tún un kà. Àwọn ológun náà mọ ohun tí wọ́n ń ṣe. Bí ẹ bá yọ mapu kúrò lára Mapuche, che ló kù, ènìyàn kan ṣáá, ẹni tí ẹ lè kó síbikíbi. (Àwọn ológun tiwa náà ṣe òfin ilẹ̀ ní 1978, wọ́n kó ilẹ̀ ìpínlẹ̀ sọ́wọ́ gómìnà. Mi ò mọ ohun tó wà láàárín kákí àti ilẹ̀.)

Paini kì í ṣe igbó. Ó tò bí ọmọ iléèwé lórí ìlà àárọ̀, abẹ́ rẹ̀ ṣókùnkùn, abẹ́rẹ́ gbígbẹ ló wà nílẹ̀, kò sí ewé kan tí ènìyàn lè já fún ibà. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, kànga a máa gbẹ láwọn abúlé tí oko igi náà yí ká, ọkọ̀ táńkà ìjọba ìbílẹ̀ ní í máa gbé omi lọ bá wọn, ní agbègbè tí òjò ti ń rọ̀ bí ẹni tú u dà. Òfin omi ti 1981 sì ti ya omi kúrò lára ilẹ̀ ní tirẹ̀: odò lè gba ẹ̀yìnkùlé rẹ kọjá kó jẹ́ pé ẹlòmíràn ló ni ẹ̀tọ́ sí omi inú rẹ̀. Bí ẹ bá wá dá ilẹ̀ gbígbẹ padà fún wọn, tí omi ibẹ̀ wà nínú àpò ẹlòmíràn, ẹ sọ fún mi, kí lẹ dá padà?

Lójú Mapuche, gbogbo ibi ló ní ngen, ẹni tó ni ín. Ngen-ko ló ni omi, ngen-mawida ló ni igbó orí òkè. Ẹni tó fẹ́ mú nǹkan níbẹ̀ yóò tọrọ, yóò sọ ohun tó fẹ́ fi ṣe, kò ní mú ju ìyẹn lọ. Ọmọ Yorùbá tó bá ti tẹ̀lé bàbá oníṣègùn wọgbó rí mọ̀ pé a kì í dákẹ́ já ewé. Àbàtà tí omi ti ń sun, tí ewé oríṣiríṣi ti ń hù, menoko ni wọ́n ń pè é. Ibẹ̀ ni machi, ẹni tó ń wo aláìsàn tó sì ń bá àwọn ẹ̀mí sọ̀rọ̀, ti ń rí lawen, ewé ìwòsàn rẹ̀. Kò sí ní ọjà. A kò sì lè lọ gbìn ín sẹ́yìn ilé.

Machi kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Francisca Linconao gbé ọ̀rọ̀ yìí lọ sí ilé-ẹjọ́. Wọ́n ń gé igi lórí òkè Rukün, nítòsí Padre Las Casas, lórí ilẹ̀ tó jẹ́ ti ẹlòmíràn. Ẹ fiyè sí i: kò sọ pé òun ló ni ilẹ̀ náà. Ohun tó gbé síwájú adájọ́ ni pé menoko wà níbẹ̀, ewé tí òun fi ń tọ́jú ènìyàn ń hù níbẹ̀, bí igi bá ti lọ, omi á lọ, iṣẹ́ òun náà á sì lọ. Ó di àdéhùn 169 ti ILO, àjọ àgbáyé fún ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, lórí ẹ̀tọ́ àwọn ọmọ ìbílẹ̀ mú, èyí tí Ṣílè ṣẹ̀ṣẹ̀ fọwọ́ sí ní 2008. Ní 2009, ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn Temuco dá a láre, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ sì fọwọ́ sí i kí ọdún náà tó parí. Mo ti ka ìdájọ́ ilẹ̀ láyé mi kó tó kún yàrá kan. Èyí nìkan ni mo mọ̀ tí obìnrin kan ti jàre lórí ilẹ̀ tí kò ní òun ló ni, nítorí pé ilẹ̀ náà ló ni iṣẹ́ òun. Nígbà tó ṣe, wọ́n fẹ̀sùn apániláyà kan òun náà. Wọ́n dá a sílẹ̀ ní 2017, wọ́n tún ẹjọ́ gbọ́, wọ́n tún dá a sílẹ̀ ní 2018. Ní 2021, àwọn ènìyàn rẹ̀ dìbò yàn án sí ìgbìmọ̀ tó kọ àbá òfin ìpìlẹ̀ tí ìlú yín fi ìbò kọ̀ lọ́dún tó tẹ̀lé e. Òfin ìpìlẹ̀ tó wà nílẹ̀, ti 1980, kò dárúkọ ọmọ ìbílẹ̀ kankan nígbà tí wọ́n kọ ọ́.

Ìdájọ́ yẹn ni mo fẹ́ kí ẹ gbé sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀rọ̀ ìdídò Ralco.

Òfin 19.253, tí Ilé yín fúnra rẹ̀ ṣe ní 1993, ní a kò gbọdọ̀ ta ilẹ̀ ọmọ ìbílẹ̀ fún ẹni tí kì í ṣe ọmọ ìbílẹ̀. Ó fi fèrèsé kan sílẹ̀: wọ́n lè fi ṣe pààrọ̀, bí CONADI, àjọ ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ ọmọ ìbílẹ̀, bá fọwọ́ sí i. Ojú fèrèsé yẹn ni ìdídò Ralco gbà wọ Alto Biobío, ilẹ̀ àwọn Pewenche. Àwọn tó ń kọ́ ọ ní àwọn yóò fún àwọn Pewenche ní ilẹ̀ mìíràn. Olórí CONADI kan kò fẹ́ fọwọ́ sí i, wọ́n yọ ọ́ ní 1997. Ẹni tó rọ́pò rẹ̀ náà kò fẹ́, wọ́n yọ òun náà ní 1998. Berta àti Nicolasa Quintremán, tẹ̀gbọ́n tàbúrò, fi ọdún gbọọrọ dúró lójú ọ̀nà àwọn katakata, kí wọ́n tó wá fọwọ́ síwèé níkẹyìn. Ní 2004 omi kún ìdídò náà, ó bo ohun tó lé ní 3,000 hẹ́kítà, ó bo ibi tí wọ́n sin àwọn bàbá wọn sí pẹ̀lú. Àwọn ìdílé mìíràn lọ sí El Barco, lókè pátápátá, níbi tí yìnyín ti ń sé wọn mọ́lé nígbà òtútù.

Lórí ìwé, pààrọ̀ náà kò ní àléébù. Hẹ́kítà lọ, hẹ́kítà dé. Bí wọ́n bá ní kí n yẹ ìwé náà wò nígbà tí mo wà lẹ́nu iṣẹ́, mo máa lu òǹtẹ̀ mọ́ ọn kí tíì mi tó tutù. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá bi ọmọ tí wọ́n bí sí El Barco pé chew tuwimi, kí ni kó wí? Kó tọ́ka sí ìsàlẹ̀ omi? Ní December 2013, inú omi ìdídò yẹn ni wọ́n ti rí òkú Nicolasa.

Ohun kan wà tí mi ò fẹ́ kọ, ṣùgbọ́n bí mo bá fò ó, ẹ ó ní mo ń gbè sápá kan. Ní January 2013, iná jó ilé tọkọtaya àgbàlagbà kan mọ́ wọn lórí ní Vilcún, Werner Luchsinger àti Vivianne Mackay. Ìran àwọn tó wá tẹ̀ dó ni wọ́n. Ikú oró ni, mi ò ní wá àwáwí fún un. Machi Celestino Córdova ni ilé-ẹjọ́ dá lẹ́bi, wọ́n fún un ní ẹ̀wọ̀n ọdún 18. Mi ò sì ní fo Camilo Catrillanca dá, ọmọ Mapuche, ọmọ ọdún 24 tó ń wa katakata rẹ̀ lọ ní Temucuicui ní November 2018 tí ọlọ́pàá yìnbọn lù ú lẹ́yìn orí. Àwọn ọlọ́pàá kan náà ba fídíò tó lè jẹ́rìí jẹ́. Láti May 2022 sì ni ìjọba pàjáwìrì ti kó ológun sí Araucanía, ẹ̀yin aṣòfin lẹ sì ń gbọ́wọ́ sókè láti sún un síwájú, léraléra.

Nínú ọ̀rọ̀ Córdova, nǹkan kan ni mi ò lè gbàgbé. Ní 2020 ó fi oúnjẹ sílẹ̀ lẹ́wọ̀n, ó lé ní 100 ọjọ́. Kì í ṣe nítorí kí wọ́n tú u sílẹ̀. Ó fẹ́ lọ bá rewe rẹ̀. Rewe ni ìtì igi tí wọ́n gbẹ́ ní àtẹ̀gùn, tó dúró níwájú ilé machi tó kọjú síbi tí oòrùn ti ń yọ, pẹ̀lú ewé igi kan tí wọ́n ń pè ní foye lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ibẹ̀ ni agbára machi ti ń wá, ó sì ní ìgbà tí machi gbọ́dọ̀ tún un ṣe, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ àìsàn á mú un. Níkẹyìn ìjọba gbà. Wákàtí 30 ni wọ́n fún un. Ẹlẹ́wọ̀n kan febi pa ara rẹ̀ ju oṣù mẹ́ta lọ nítorí wákàtí 30 nídìí igi kan, ní ojú kan pàtó. Bí igi ni, wọ́n lè gbẹ́ òmíràn fún un sí ọgbà ẹ̀wọ̀n.

Mo mọ̀ pé ẹnìkan nínú yín yóò ní: "Àwọn wo là ń sọ gan-an? Ṣèbí wọ́n ti di ará ìgboro." Òótọ́ ni. Nínú ètò ìkànìyàn 2017, Mapuche lé ní mílíọ̀nù 1.7, àwọn tó lé ní 600,000 nínú wọn ló sì wà ní agbègbè Santiago. Àwọn bàbá wọn wá po ìyẹ̀fun ní ilé búrẹ́dì, àwọn ìyá wọn wá ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ nílé olówó, torí hẹ́kítà 6 tí wọ́n ń pín fún ọmọ, tí wọ́n ń pín fún ọmọ-ọmọ, ti di bí àtẹ́lẹwọ́. Ẹ lọ bi ọmọ Ìjẹ̀bú tó ti lo ogójì ọdún ní Peckham ní ibi tó ti wá, kí ẹ gbọ́ bóyá Peckham ni yóò dárúkọ.

Ohun tí mò ń bẹ̀ yín fún kò pọ̀. Bí ẹ bá ń kọ òfin náà, ẹ dí fèrèsé pààrọ̀ yẹn. Ibi tí wọ́n ti gba ilẹ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ wá, ẹ má kàn máa fi owó ra ibi tó bá ṣáà ti wà lọ́jà, ní ọ̀nà jíjìn sí ibi tí bàbá wọn ti wá, kí ẹ wá kọ ọ́ sínú àbọ̀ pé ẹ ti san gbèsè. Ẹni tó wà lórí ilẹ̀ náà lónìí, tó rà á tàbí tó jogún rẹ̀, ẹ bá a dúnàádúrà, ẹ san owó rẹ̀ fún un, ọwọ́ ìjọba ni ó ti rà á. Ẹ dá omi padà mọ́ ilẹ̀. Kí menoko àti ibi ìsìnkú wà nínú ìwé, kódà níbi tí ilẹ̀ bá jẹ́ ti ẹlòmíràn, bí ilé-ẹjọ́ yín ti ṣe fún Linconao. Ẹ má sì fi ìwé oore ṣe ìbẹ̀rẹ̀ ìṣirò: ìdá 95 tí kò wọ inú ìwé kankan, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, bí ẹ ò tilẹ̀ tíì mọ ohun tí ẹ máa ṣe sí i.

Nípa ti awọnlẹ̀ tí ẹ máa rán lọ: ẹ rán ẹni tó gbọ́ Mapudungun, ẹ má sì rán an lọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Kó lọ nígbà òtútù, kó tún lọ ní March. Bí ó bá dé, kó fi ẹ̀rọ rẹ̀ sílẹ̀ sínú ọkọ̀ ná, kó jókòó. Wọ́n máa bi í níbi tó ti wá. Kó dáhùn dáadáa, tìyá tìbàbá, kó má kánjú, nítorí bí òun bá ti parí tirẹ̀ ni wọn yóò bẹ̀rẹ̀ tiwọn. Ibẹ̀ ni kó ti yọ bírò.

Èmi ni,
awọnlẹ̀ tó ti fẹ̀yìn tì, ọmọ Òjé ní Ìbàdàn. Láti Ọ̀yọ́ ni bàbá bàbá mi ti wá, ìyá mi jẹ́ ọmọ Ìjẹ̀bú.